Ojú Kan, Obìnrin Méjì

Blu-ray la fi wo Love Letter, fíìmù ìfẹ́ tí Shunji Iwai ṣe ní Japan lọ́dún 1995. Àwòrán rẹ̀ mọ́ gaara débi pé a fẹ́rẹ̀ẹ́ lè ka yìnyín tó ń bọ́ sójú Hiroko lẹ́yọ lẹ́yọ.

Àfẹ́sọ́nà Hiroko, Itsuki Fujii, ti kú sórí òkè. Hiroko kọ lẹ́tà sí i ní àdírẹ́sì kan ní Otaru, tó rí nínú ìwé ìrántí ilé-ìwé olóògbé. Àfi bí èsì ṣe dé! Obìnrin kan tóun náà ń jẹ́ Itsuki Fujii, tí wọ́n jọ ṣe kíláàsì kan náà, ló fèsì.

Ibi tó ti dùn wá nìyí: obìnrin yìí àti Hiroko jọra bí ìbejì. Miho Nakayama ló ṣe àwọn méjèèjì. Ṣé ojú ẹlòmíì lọkùnrin yẹn ń wò nígbà tó ní òun fẹ́ Hiroko?

Ọ̀rọ̀ yìí dá ìjà sílẹ̀ láàárín wa. Àwọn kan ní ẹ̀tàn gbáà ni. Ó dáa, ta ni nínú wa tí kò wá ẹni àná lára ẹni òní rí? Ohun tó burú níbẹ̀, lójú tiwa, ni pé kò sọ fún un. Àbí òun gan-an ò mọ̀? A dá fíìmù dúró, a tẹjú mọ́ ojú méjèèjì. Bó ṣe mọ́ tó yẹn, kò sọ nǹkan kan fún wa nípa ọkàn olóògbé.

Nígbà tó yá, Hiroko dúró nínú yìnyín, ó ń kígbe sí òkè. Kò béèrè ẹni tó fẹ́ gan-an lọ́wọ́ ẹ̀. Àlàáfíà rẹ̀ ló ń béèrè, tẹkúntẹkún.

Yàrá wa pa lọ́lọ́. Ẹni tó ń pariwo ẹ̀tàn ló ní ká dá a padà sẹ́yìn, ká tún un wò.