Ta Ni Yóò Ṣọ́ Ọmọ Náà?

Ẹ̀yin ará nínú Olúwa, ẹ ka Ẹ́kísódù orí kejì. Nígbà tí a gbé Mose ọmọ-ọwọ́ sí etí odò, arábìnrin rẹ̀ dúró lókèèrè láti ṣọ́ ọ. Nígbà tí ọmọbìnrin Farao sì rí i, òun ni ó lọ pe ìyá ọmọ náà wá láti fún un ní ọmú. Bí Mose tilẹ̀ dàgbà ní ààfin, kò gbàgbé àwọn ènìyàn rẹ̀.

Lẹ́yìn ọdún 1950, ọ̀pọ̀ òbí láti Nàìjíríà tí wọ́n lọ kẹ́kọ̀ọ́ ní Ìlú Gẹ̀ẹ́sì fi ọmọ wọn fún òyìnbó tọ́, wọ́n sì ń sanwó. Àwọn ọmọ mìíràn rí ìfẹ́ níbẹ̀. Àwọn mìíràn dàgbà nínú ẹ̀sín nítorí àwọ̀ wọn, láìgbọ́ èdè ìyá wọn. Ọgbẹ́ ọkàn wọn pẹ́ kí ó tó jinná.

Àpẹẹrẹ ìwòsàn ń bẹ nílé wa. Ní ọdún 1954, ní Aro, Abẹ́òkúta, Dókítà Adéoyè Lambo bẹ̀rẹ̀ sí fi àwọn aláìsàn ọpọlọ wọ̀ sílé àwọn ará abúlé, pẹ̀lú ẹbí wọn, bí wọ́n ti ń gba ìtọ́jú ní ilé-ìwòsàn. Ó mọ̀ pé àwùjọ pẹ̀lú ń woni sàn.

Ẹ̀yin olùkọ́, ọmọ àlejò ń bẹ nínú kíláàsì yín, ẹni tí a ń fi èdè rẹ̀ ṣẹ̀sín. Ẹ pa ẹ̀sín náà lẹ́nu mọ́. Ẹ pè é ní orúkọ tí ìyá rẹ̀ sọ ọ́, kí ẹ sì fetí sí i láìkánjú. Bí ìbànújẹ́ rẹ̀ kò bá lọ, ẹ bá àwọn òbí rẹ̀ mú un lọ sọ́dọ̀ dókítà; kò sí ìtìjú níbẹ̀.

Kí Olúwa fi wá ṣe olùṣọ́ wọn. Àmín.