Ẹnu Tí Ń Gbàdúrà, Ẹnu Tí Ń Pọfọ̀

Ní Ilé-Ifẹ̀ Oòdáyé, ibi tí ojúmọ́ ti ń mọ́ wá, ni Mount Zion, ẹgbẹ́ òṣèré onígbàgbọ́ tí Mike Bámilóyè dá sílẹ̀ ní ọdún 1985, fi ṣe ibùdó. Ní ìbẹ̀rẹ̀, wọn kò pọ̀ níye, owó kò sì kún ọwọ́ wọn, tó bẹ́ẹ̀ tí ẹni tí ó kọ eré fi ń darí rẹ̀, tí ó sì tún ń bọ́ sójú agbo, tí Gloria, aya Mike, náà ń kó ipa tirẹ̀. Ààwẹ̀ àti àdúrà ni wọ́n fi ń ṣíwájú iṣẹ́, nítorí pé ìwàásù ni wọ́n ka fíìmù sí.

Nígbà tí fíìmù wọn, Agbára Ńlá, jáde ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1990, tí Ìṣawúrú, adáhunṣe burúkú inú rẹ̀, ń pọfọ̀ nínú tẹlifíṣọ̀n, jìnnìjìnnì ń bo tọmọdé tàgbà. Bẹ́ẹ̀ onígbàgbọ́ ni ó wà nínú ẹ̀wù adáhunṣe náà. Ǹjẹ́ ẹnu tí ó gbàdúrà lówùúrọ̀ lè pọfọ̀ lọ́sàn-án kí ó má dẹ́ṣẹ̀? Èmi gbà pé ó lè ṣe é, nítorí pé inú ọkàn ni ìsìn ń gbé, ẹni tí kò sì fi ọkàn sí ohun tí ẹnu rẹ̀ ń wí lójú agbo kò tíì bọ òrìṣà kankan. Hubert Ògúndé, àgbà òṣèré, pàápàá, eré ìjọ Aládùúrà ni ó fi bẹ̀rẹ̀ ní ọdún 1944, kí ó tó gbé àwọn àjẹ́ inú fíìmù rẹ̀, Ayé, wá síwájú wa ní 1979.

Ṣùgbọ́n ọ̀ràn aládùúgbò ni ó wúwo lọ́kàn mi jù. Nínú Ifẹ̀ kan náà ni Òkè Ìtasẹ̀ wà, níbi tí àwọn babaláwo ń péjọ sí lọ́dọọdún, àwọn tí wọ́n fi ọ̀pọ̀ ọdún kọ́ ẹsẹ Ifá sórí, tí àjọ UNESCO sì bu ọlá fún ìmọ̀ wọn ní ọdún 2005. Ẹni tí ó bá ti rí babaláwo tí ó ń pa ikin, tí ó ń fi ìka tẹ odù sínú ìyẹ̀rosùn ní ẹyọ kọ̀ọ̀kan, tí ara rẹ̀ balẹ̀ pẹ̀sẹ̀, mọ̀ pé iṣẹ́ náà jìnnà sí ariwo àti èéfín tí fíìmù fi ń hàn wá. Bí gbogbo ẹni tí ó so ìdè Ifá mọ́ ọwọ́ bá wá di apànìyàn láti orí fíìmù kan dé òmíràn, ojú wo ni ọmọ babaláwo yóò fi wo baba rẹ̀? Òfin tí ó kọ ẹ̀rí èké kò yọ òṣèré sílẹ̀, agbẹ́jọ́-ẹnìkan-dá sì ni àgbà òṣìkà.

Ibí yìí gan-an ni kíkéré ẹgbẹ́ ti di ewu: níbi tí ènìyàn díẹ̀ ti ń ṣe ohun gbogbo, tí àdúrà wọn sì jẹ́ ọ̀kan, kò sí ẹni tí yóò béèrè bóyá bí iṣẹ́ babaláwo ti rí nìyẹn. Èmi kò sọ pé kí wọ́n dá ìwàásù dúró. Kí wọ́n jiyàn pẹ̀lú Ifá bí ìgbàgbọ́ wọn ti pàṣẹ, ṣùgbọ́n kí ó jẹ́ Ifá tí àwọn onífá fúnra wọn yóò dá mọ̀. Ọmọdé gbọ́n, àgbà gbọ́n, ni a fi dá Ilé-Ifẹ̀. Kí a tó gbé kámẹ́rà, ẹnìkan nínú wọn lè gun Òkè Ìtasẹ̀, kí ó kúnlẹ̀ kí àwọn àgbà ibẹ̀, kí ó sì bi wọ́n léèrè.