TA NI Ó NI ÌTÀN ÌGBÉSÍ AYÉ ẸNI?

Bí ènìyàn bá ní oko, ó lè ro ó, ó sì lè fi í sílẹ̀ fún igbó. Kò sí ẹni tí yóò bi í léèrè. Ǹjẹ́ bẹ́ẹ̀ náà ni ìtàn ìgbésí ayé rẹ̀ rí? Ẹni tí ó bá fẹ́ sọ ti ara rẹ̀ kò lè ṣàì sọ ti àwọn tí ó bí i àti ti àwọn tí ó bá a gbé ilé, bẹ́ẹ̀ ni àwọn wọ̀nyí kò rán an níṣẹ́. Ọ̀ràn náà le jù lọ fún àwọn tí ń fi sinimá sọ ìtàn ara wọn, nítorí òǹkọ̀wé lè yí orúkọ padà, ṣùgbọ́n ojú àti ohùn ènìyàn kò rọrùn láti fi pamọ́.

Alan Berliner, ará New York ní ilẹ̀ Amẹ́ríkà, ti pẹ́ nínú iṣẹ́ yìí. Ní 1996 ó gbé sinimá kan jáde tí ó pè ní Nobody's Business, èyíinì ni, Ọ̀rọ̀ Tí Kò Kan Ẹnikẹ́ni. Oscar baba rẹ̀ ni ó mú jókòó níwájú ẹ̀rọ. Ọmọ ń béèrè nípa ìran wọn ní Pólándì, ó ń béèrè ìdí tí baba àti ìyá fi kọ ara wọn sílẹ̀. Baba ń dáhùn pé ènìyàn lásán ni òun, ayé òun kò tó ohun tí a ń fi ṣe sinimá. Bí àríyànjiyàn wọn bá gbóná, ọmọ a fi àwòrán àtijọ́ ti àwọn tí ń kan ẹ̀ṣẹ́ sí i láàárín. Ó pa ni lẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n baba wí pé rárá, ọmọ sì fi rárá náà han gbogbo ayé!

Àwọn kan yóò ní kò burú, níwọ̀n bí kò ti pa ohùn baba rẹ̀ mọ́. Mo gbà pé ó sàn ju kí ó yọ ọ́ kúrò. Síbẹ̀ ọwọ́ ọmọ ni àlùmọ́gàjí wà, òun ni ó yan èyí tí a ó gbọ́. Ẹ̀wẹ̀, ẹnikẹ́ni kò so baba mọ́ àga. Ọ̀pọ̀ àgbà ni ó ń fi ẹnu kọ ohun tí inú wọn ń fẹ́ kí a bẹ̀ wọ́n sí.

Ti Edwin Honig kò rí bẹ́ẹ̀. Akéwì ni, ó sì ti jẹ́ olùkọ́ ní yunifásítì Brown. Ìbátan ìyá Berliner ni í ṣe. Àrùn Alzheimer's mú un, iyè rẹ̀ sì ń ṣá. Fún nǹkan bí ọdún márùn-ún ni Berliner ń ya àwòrán rẹ̀, sinimá náà sì jáde ní 2012, lẹ́yìn tí akéwì náà ti kú. Ẹni tí kò lè rántí pé a bi òun, báwo ni yóò ṣe kọ̀? Àwa a máa gbàdúrà pé kí Ọlọ́run bò wá láṣìírí. Ẹni yìí kò tilẹ̀ mọ̀ pé àṣírí wà láti bò. Àwọn ọmọ rẹ̀ pàápàá sọ nínú sinimá náà bí ó ti le mọ́ wọn tó. Bóyá òótọ́ ni wọ́n sọ. Oscar ìbá jágbe mọ́ wọn. Honig kò lè fọhùn gbe ara rẹ̀. Lójú tèmi, ibẹ̀ ni ìbá dára kí ẹ̀rọ náà dákẹ́.