Ẹsẹ̀ Karùn-ún Ọkọ̀

Bí ilẹ̀ bá ti ń mọ́ lọ́jọ́ iṣẹ́, píkọ́ọ̀pù ló máa ń kọ́kọ́ kún ojú títì láti Ọba Akran dé Ògbà, láti Ìjú dé Pen Cinema ní Èkó. Èyí kó ike ọ̀dà, ìyẹn kó ọ̀rá tí ilé iṣẹ́ fi ń di ọjà, òmíràn kó búrẹ́dì Agége tó ṣì ń gbóná. Àdúrà pọ̀ lára àwọn ọkọ̀ wọ̀nyí. Orúkọ Jésù wà lára gíláàsì iwájú, tẹ̀sùbáà ń rọ̀ nínú ọkọ̀, ọ̀rọ̀ ìgbàgbọ́ wà lẹ́yìn. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá bẹ̀rẹ̀ wo abẹ́ ìdí wọn, níbi tó yẹ kí sípíà táyà wà, á rí i pé lábẹ́ àwọn mìíràn, ṣéènì lásán ló ń fì dirodiro. Wọ́n ti yọ táyà náà.

Ìdí tí wọ́n fi yọ ọ́ kò jọra. Olè ló fà á fún àwọn kan: ní òru, wọ́n á wọ abẹ́ ọkọ̀, wọ́n á gé ṣéènì, táyà àti ríìmù á sì bá wọn lọ, nítorí náà ọlọ́kọ̀ yọ tirẹ̀ sínú yàrá kí olè tó dé. Ọkọ̀ ẹlòmíràn ni ọ̀kan nínú ẹsẹ̀ mẹ́rin rẹ̀ ti jẹ tán, wọ́n fi sípíà rọ́pò rẹ̀, wọn kò sì ra òmíràn. Ẹlòmíràn tà á nígbà tí àsìkò owó iléèwé ọmọ dé. Gbogbo èyí ló yéni. Èyí tó gba àròjinlẹ̀ ni gbólóhùn tí wọ́n fi máa ń pa ọ̀rọ̀ náà dé: Ọlọ́run ò ní jẹ́ kó jò lójú ọ̀nà.

Ṣé ẹni tó gbé sípíà dání kò gbẹ́kẹ̀ lé Ọlọ́run tó ni? Àbí ẹni tó yọ ọ́ ló ń dán Ọlọ́run wò? Ìbéèrè yìí kì í ṣe ti mẹkáníìkì nìkan. Ó ti ń bá ọmọ ènìyàn bọ̀ kí mọ́tò tó dé ayé.

Nígbà tí mọ́tò sì dé, kò ní ẹsẹ̀ karùn-ún. Bí táyà bá jò, awakọ̀ á bọ́ sílẹ̀, á tú u, á sì lẹ̀ ẹ́ lẹ́bàá ọ̀nà, ìbáà jẹ́ nínú òjò, ìbáà jẹ́ lóru. Ní 1904, tẹ̀gbọ́n tàbúrò kan, Walter àti Tom Davies, ní ìlú Llanelli ní Wales, ṣe ríìmù kan tí kò ní sípóòkì, tí táyà tó ti kún fún afẹ́fẹ́ wà lórí rẹ̀. Awakọ̀ lè dè é mọ́ ẹsẹ̀ tó jò, kó sì máa bá ìrìn àjò rẹ̀ lọ. Òpópónà tí wọ́n ti ń ṣiṣẹ́, Stepney, ni wọ́n fi sọ ọ́ lórúkọ. Àwọn Davies kò sọ pé ọ̀nà burú. Wọ́n kàn gbà pé kò sí awakọ̀ tó mọ ibi tí ìṣó wà.

Ibẹ̀ ni kókó ọ̀rọ̀ wà. Ẹni tó gbé sípíà dání kò sọ pé táyà òun yóò jò. Ohun tó ń sọ ni pé òun kò mọ̀. Ẹni tó mọ̀ọ́mọ̀ fi í sílé, tó ní ewu kò sí, òun gan-an ló ń sọ àsọtẹ́lẹ̀. Ó ti parí ọ̀rọ̀ nípa ohun tí yóò ṣẹlẹ̀ láàárín Ìkẹjà sí Sàngó, bẹ́ẹ̀ kò sí ẹni tó rán an níṣẹ́ wòlíì. Àwọn baba wa ní bí òní ti rí, ọ̀la kì í rí bẹ́ẹ̀, òun ló mú kí babaláwo máa dÍfá ọrọọrún. Àìmọ̀la ni wọ́n fi ṣe ìpìlẹ̀ ìjọsìn. Ẹni tó bá ti mọ ọ̀la tán, kí ló tún fẹ́ fi ìgbàgbọ́ ṣe?

Mọ́sálásí pọ̀ ní Agége, ọ̀pọ̀ awakọ̀ ibẹ̀ sì mọ ìtàn ọkùnrin tó bi Ànábì léèrè bóyá kí òun so ràkúnmí òun mọ́lẹ̀ kí òun sì gbẹ́kẹ̀ lé Ọlọ́run, àbí kí òun tú u sílẹ̀ kí òun sì gbẹ́kẹ̀ lé E. Gẹ́gẹ́ bí Tirmidhi ṣe gbà á sílẹ̀ nínú àkójọ hádíìsì rẹ̀, Ànábì ní kó so ó, kó sì gbẹ́kẹ̀ lé Ọlọ́run. Àwọn àáfà ti wàásù èyí títí ó ti mọ́ etí lára. Ìtàn tí wọn kì í fi bẹ́ẹ̀ sọ ni ti Ibrahim al-Khawwas.

Súfí ni al-Khawwas ní ọ̀rúndún kẹsàn-án, ẹni tí òkìkí rẹ̀ kàn nítorí bó ṣe fi ara rẹ̀ lé Ọlọ́run lọ́wọ́ pátápátá. A máa la aṣálẹ̀ kọjá láìmú oúnjẹ dání. Bí ẹnì kan bá wà láyé yìí tó lè sọ pé ìgbàgbọ́ ló mú òun yọ sípíà táyà, irú rẹ̀ ni. Síbẹ̀, ohun mẹ́rin kì í wọ́n lọ́wọ́ rẹ̀: ohun èlò omi, okùn, àlùmọ́gàjí, àti abẹ́rẹ́ pẹ̀lú òwú. Al-Ghazali, onímọ̀ Ìsìláàmù tó kú ní 1111, mú ọ̀rọ̀ rẹ̀ wá nínú ìwé ńlá rẹ̀, Ihya, ó sì ṣàlàyé ìdí rẹ̀. Inú kànga jíjìn ni omi aṣálẹ̀ wà, kì í fúnra rẹ̀ gòkè wá. Ewéko lè hù lójú ọ̀nà kí arìnrìn-àjò rí i jẹ, ṣùgbọ́n okùn àti korobá kì í hù. Bí aṣọ kan ṣoṣo tó wà lọ́rùn bá sì ya, ìhòòhò kò ní jẹ́ kí ènìyàn kírun. Al-Khawwas lè fara da ebi. Ohun tí ọ̀nà kò lè pèsè ni kò jẹ́ fi sílẹ̀.

Ọ̀rọ̀ ríìmù gan-an nìyí. Awakọ̀ tí ebi ń pa lórí títì Lagos sí Abẹ́òkúta yóò rí búrẹ́dì rà, yóò rí omi ọ̀rá, ẹnì kan sì lè fún un lọ́fẹ̀ẹ́. Ríìmù Hilux onínọ́ọ̀tì mẹ́fà kò sí lẹ́bàá ọ̀nà. Ẹni tó bá fi Kọ̀rólà dúró láti ṣàánú rẹ̀ kò lè yá a ní tirẹ̀, nítorí kò ní wọlé.

Ìhìnrere Mátíù náà sọ̀rọ̀ lórí ọ̀ràn yìí, ní ibi méjì. Nínú orí kẹrin, Sàtánì mú Jésù lọ sórí ṣóńṣó tẹ́ḿpìlì, ó ní kó bẹ́ sílẹ̀, ó sì fi ìlérí inú Sáàmù tì í lẹ́yìn, pé àwọn áńgẹ́lì yóò gbé e. Jésù kò jiyàn bóyá àwọn áńgẹ́lì lè gbé e. Ó kọ̀ láti dán Ọlọ́run wò ni. Nínú orí kẹẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n, wúńdíá mẹ́wàá ń retí ọkọ ìyàwó, márùn-ún gbé òróró àfikún dání, márùn-ún kò gbé e. Àwọn ọlọ́gbọ́n kò ṣiyèméjì pé ọkọ ìyàwó ń bọ̀; wọn kò mọ wákàtí tí yóò dé ni. Kò sí oníwàásù kan tó jẹ́ sọ pé òróró àfikún yẹn fi hàn pé ìgbàgbọ́ wọn kéré.

Àtakò kan ṣì wà tó lágbára ju ìwọ̀nyí lọ. Ẹlòmíràn á ní bí jàǹbá bá ti wà nínú àyànmọ́, ẹgbàá sípíà kò lè dá a dúró. Wọ́n máa ń fi Ifá gbe ọ̀rọ̀ yìí lẹ́sẹ̀, bẹ́ẹ̀ Ifá kò sọ bẹ́ẹ̀. Wándé Abímbọ́lá, nínú ìwé tó tẹ̀ jáde ní 1976 lórí Ifá, jẹ́ kó yé wa pé lẹ́gbẹ̀ẹ́ Orí tó ni àyànmọ́ ni Ẹsẹ̀, tó dúró fún ìsapá, wà. Ìtàn kan nínú Ifá sọ bí gbogbo Orí ṣe péjọ láti gbìmọ̀, tí wọn kò pe Ẹsẹ̀ sí i, tí ìmọ̀ràn wọn sì forí ṣánpọ́n. Orí rere tí kò rí ẹsẹ̀ gbé e rìn, ojú kan náà ni yóò wà.

Ní nǹkan bí 639, Kálífà Umar ń lọ sí Síríà, ó gbọ́ ní Sargh pé àjàkálẹ̀ àrùn ti bẹ́ sílẹ̀ níbẹ̀, ó sì pinnu láti yí padà. Abu Ubayda, ọ̀gágun rẹ̀ ní Síríà, bi í bóyá kádàrá Ọlọ́run ló ń sá fún. Umar dá a lóhùn pé inú kádàrá Ọlọ́run lòun ti ń kúrò, inú kádàrá Ọlọ́run náà lòun sì ń lọ. Bí táyà tó jò bá wà nínú àkọsílẹ̀, ta ló sọ fún awakọ̀ pé sípíà kò sí nínú àkọsílẹ̀ kan náà?

Wọlé Ṣóyínká, tí gbogbo ayé mọ̀ pé Ògún ni òrìṣà tó yàn láàyò, kọ eré *The Road*, tí wọ́n ṣe ní Lọ́ńdọ̀nù ní 1965. Ibùdó eré náà ni ṣọ́ọ̀bù tí wọ́n ti ń ta ẹ̀yà ara ọkọ̀ tó forí sọ, Ọ̀jọ̀gbọ́n tó ni ṣọ́ọ̀bù náà sì ń hú àmì ojú ọ̀nà nílẹ̀. Ní 1988, nígbà tí ìjọba àpapọ̀ dá àjọ ẹ̀ṣọ́ ojú pópó sílẹ̀, Ṣóyínká yìí kan náà ni alága rẹ̀ àkọ́kọ́. Ẹni tó mọ Ògún dáadáa kò fi ọ̀nà sílẹ̀ fún Ògún nìkan.

Ó rọrùn láti di gbogbo ẹ̀bi yìí ru awakọ̀, ṣùgbọ́n kò tọ́. Lórí títì Ọba Akran yìí ni Dunlop ti fi ọ̀pọ̀ ọdún ṣe táyà. Michelin ti ilé iṣẹ́ tirẹ̀ pa ní Port Harcourt ní 2007. Nígbà tí 2008 fi ń parí lọ, Dunlop náà dá ṣíṣe táyà dúró ní Ìkẹjà. Iná tí kò dúró, owó epo jẹnẹrétọ̀ àti táyà òkèèrè tó ń wọlé ní owó pọ́ọ́kú wà lára ohun tó lé wọn. Láti ìgbà náà, owó dọ́là ni táyà ń tẹ̀ lé. Nígbà tí náírà sì já wálẹ̀ ní oṣù kẹfà 2023, táyà tuntun kọjá agbára ọ̀pọ̀ ènìyàn, wọ́n sì yíjú sí tòkunbọ̀. Àdúgbò tó ti fi ọwọ́ ara rẹ̀ ṣe táyà ni awakọ̀ rẹ̀ kò ti rí sípíà rà mọ́.

Kì í sì í ṣe awakọ̀ ló ni ọ̀pọ̀ nínú ọkọ̀ wọ̀nyí. Ọ̀gá ló ni ín. Ọ̀gá ló mọ̀ pé abẹ́ ọkọ̀ ṣófo, òun ló na kọ́kọ́rọ́ sí ọmọ ọlọ́mọ láàárọ̀, tó sì ní, "Lọ lálàáfíà, Ọlọ́run á ṣọ́ ẹ." Nínú gbogbo àdúrà tí ọ̀rọ̀ yìí kàn, èyí ló yẹ kó dunni jù. Ẹni tí kò fẹ́ ná owó rẹ̀ ti gbé ojúṣe rẹ̀ lé Ọlọ́run lórí, ó sì fi ìyà rẹ̀ sílẹ̀ fún ẹni tó ń gbowó oṣù lọ́wọ́ rẹ̀. Bí táyà bá jò lóru lẹ́yìn Abúlé Ẹ̀gbá, awakọ̀ ni yóò dúró ti ẹrù nínú òkùnkùn. Bí ẹrù bá pẹ́, awakọ̀ ni wọn yóò gé owó rẹ̀. Òfin ìrìnnà orílẹ̀-èdè wa ka sípíà táyà mọ́ ohun tí ọkọ̀ gbọ́dọ̀ ní, pẹ̀lú jáàkì àti àmì onígun mẹ́ta, nítorí náà ọ̀gá kò lè sọ pé òun kò gbọ́.

Ìyà náà kì í sì í mọ sọ́dọ̀ awakọ̀. Ẹ wo ohun tí píkọ́ọ̀pù kan tó dúró láàárín títì lè sọ Agége Motor Road dà ní aago méje àárọ̀. Òṣìṣẹ́ tó ń lọ sí Agídíngbí pẹ́ dé ibi iṣẹ́, aláboyún tó ń lọ sí ilé ìwòsàn há sínú gò-sílóò. Kò sí ọ̀kan nínú wọn tó bá ọlọ́kọ̀ ṣàdéhùn ìgbàgbọ́ rẹ̀.

Ó wá ku yíyọ kan tó tọ́, ìyẹn yíyọ ọ́ láti yẹ̀ ẹ́ wò, tí ọ̀pọ̀ ẹni tó ní sípíà kì í ṣe. Lára Hilux, ihò kékeré kan wà lápá bọ́ńpà ẹ̀yìn. Wọ́n á ki ọ̀pá jáàkì bọ inú rẹ̀, wọ́n á máa yí i sápá òsì, ṣéènì á sì rọra sọ táyà kalẹ̀. Abẹ́ ọkọ̀ yẹn ni ẹrẹ̀ àti omi òjò ń ta sí lójoojúmọ́. Táyà tí wọn kò tíì rọ̀ sílẹ̀ láti ìgbà tí wọ́n ti ra ọkọ̀, ìpẹtà lè ti mú ṣéènì rẹ̀ débi pé lọ́jọ́ tí ọ̀ràn bá dé, kò ní í yí. Tàbí kó sọ̀ kalẹ̀, kó jẹ́ pé afẹ́fẹ́ ti tán nínú rẹ̀. Ọjọ́ orí rẹ̀ náà tún wà ńbẹ̀: nọ́ńbà mẹ́rin kan wà lára táyà, tó jẹ́ pé 2319 ń sọ pé ọ̀sẹ̀ kẹtàlélógún ọdún 2019 ni wọ́n ṣe é. Ọdún mẹ́rin ni àjọ ẹ̀ṣọ́ ojú pópó ń dá fún táyà, yálà ó ń yí tàbí ó so rọ̀. Ẹni tó ní sípíà tí kò tọ́jú rẹ̀ kò fi bẹ́ẹ̀ sàn ju ẹni tó yọ ọ́ tà lọ.

Ẹ̀yin pásítọ̀ tí wọ́n ń gbé ọkọ̀ tuntun wá bá kí ẹ ta òróró sí i, ẹ̀yin lèmọ́mù tí wọ́n ń pè wá ṣe àdúà sí ọkọ̀, ẹ̀yin baba tí ẹ ń bá awakọ̀ bọ Ògún, ẹ máa bi ọlọ́kọ̀ léèrè sípíà kí ẹ tó la ẹnu àdúrà. Ẹ̀yin ọ̀gá tí píkọ́ọ̀pù yín ń ná Ọba Akran àti Ògbà, ẹ ra táyà náà, ẹ fi ṣéènì àti àgádágodo dè é nítorí olè, kí ẹ sì jẹ́ kí fọkanáísà yẹ̀ ẹ́ wò lóṣooṣù. Bí owó tuntun kò bá sí, ẹ wá tòkunbọ̀ tí ọjọ́ rẹ̀ kò tíì kọjá. Bí ìyẹn náà kò bá sí, ẹ má rán ọmọ ọlọ́mọ jáde lóru.