Fíìmù Àtijọ́ àti Ẹ̀tọ́ Ẹni Tó Ni Ín

Ọpẹ́ ni fún Ọlọ́hun, Ọba tó fi àmánà síkàáwọ́ wa. Ìkẹ́ àti ìgẹ̀ Rẹ̀ kó máa bá Ànábì Muhammad.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ Mùsùlùmí lọ́kùnrin lóbìnrin, ọ̀rọ̀ kan wọ́pọ̀ lẹ́nu wa bí a bá ń fa fíìmù olówó sórí fóònù lọ́fẹ̀ẹ́ láti orí íntánẹ́ẹ̀tì: a ó ní ọpẹ́lọpẹ́ àwọn tó ń dà á kọ láìgbàṣẹ, fíìmù àtijọ́ ìbá ti parun.

Òótọ́ díẹ̀ wà níbẹ̀. Ní 1922, wọ́n ṣe fíìmù Nosferatu ní Jámánì. Inú ìwé Dracula ni wọ́n ti mú ìtàn rẹ̀, wọn kò sì gbàṣẹ. Opó ẹni tó kọ ìwé náà pè wọ́n lẹ́jọ́, ilé ẹjọ́ sì pàṣẹ ní 1925 pé kí wọ́n run gbogbo ẹ̀dà rẹ̀. Àwọn ẹ̀dà tí ọwọ́ àṣẹ náà kò tẹ̀ ni ayé ń wò títí dòní.

Ṣùgbọ́n ṣé àǹfààní tó jáde nínú ibi lè sọ ibi di rere? Ẹ wo Shaihu Umar, fíìmù Hausa tí Adamu Halilu ṣe ní 1976 láti inú ìwé Abubakar Tafawa Balewa. Nínú ìtàn náà, wọ́n jí Umar gbé ní kékeré, ó bá ara rẹ̀ ní Íjíbítì, ó sì di ààfáà ńlá. Ta ni nínú wa tó máa torí èyí yin ajínigbé? Ìyá rẹ̀ ńkọ́, tó wá a títí tí òun náà fi di ẹrú?

Àlùkùránì kọ̀ fún wa láti jẹ dúkìá ara wa lọ́nà èrú. Ní 1988, ní Kuwait, ìgbìmọ̀ àgbáyé àwọn onímọ̀ òfin Ìsìláàmù fìdí rẹ̀ múlẹ̀ pé ẹ̀tọ́ ni iṣẹ́ ọpọlọ jẹ́ fún ẹni tó ṣe é, ẹnikẹ́ni kò sì gbọdọ̀ tẹ̀ ẹ́ lójú.

Àwọn tí fíìmù wà lọ́wọ́ wọn, tí wọ́n jẹ́ kí ooru àti ọ̀rinrin bà á jẹ́, àwọn náà ṣẹ̀ sí àmánà. Àwọn èèyàn rò pé Shaihu Umar ti sọnù, àfi ìgbà tí wọ́n rí i níbi tí ìjọba ń kó fíìmù sí ní Jos. Àwọn olùtọ́jú fíìmù ní Berlin bá wọn tún un ṣe, wọ́n sì fi hàn ní 2018. Kò sí olè jíjà níbẹ̀.

Nítorí náà, èyí tó wà lórí àtẹ, kí á rà á. Èyí tí kò sí lọ́jà mọ́, kí á wá ẹni tó ni ín tàbí àwọn ajogún rẹ̀, kí á tọrọ àyè. Bí kásẹ́ẹ̀tì fídíò àtijọ́ bá wà nínú àpótí bàbá wa, kí á gbé e kúrò níbi ọ̀rinrin, kí á má sì sọ ẹ̀dà rẹ̀ di ọjà.

Kí Ọlọ́hun má jẹ́ kí á fi iṣẹ́ rere bo olè mọ́lẹ̀, kí Ó sì ṣe wá ní olùṣọ́ àmánà. Àmín.