Ta Ni A Ń Sọ Sínú Iná?

Ìtàn àròsọ kan ni mo fẹ́ fi bẹ̀rẹ̀. George R. R. Martin, òǹkọ̀wé ará Amẹ́ríkà, dá odindi ayé kan sílẹ̀ nínú àwọn ìwé rẹ̀. Èyí àkọ́kọ́ jáde ní 1996. Nígbà tó yá, wọ́n sọ ọ́ di eré orí tẹlifíṣọ̀n, Game of Thrones, láti 2011 títí di 2019. Ọ̀pọ̀ nínú wa ló wò ó ní họ́stẹ́ẹ̀lì, bí a kò tilẹ̀ jẹ́wọ́ rẹ̀ ní ìdàpọ̀. N kò ní kí ẹni tí kò tíì wò ó lọ wò ó o. Ohun tí kò yẹ ní wíwò pọ̀ níbẹ̀. Ṣùgbọ́n òrìṣà kan wà nínú rẹ̀ tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ kò kúrò lọ́kàn mi.

R'hllor ni orúkọ rẹ̀. Olúwa Ìmọ́lẹ̀ ni àwọn olùsìn rẹ̀ ń pè é. Bí alẹ́ bá lẹ́, wọn a dá iná, wọn a sì gbàdúrà sí i nítorí òkùnkùn. Àwọn àlùfáà rẹ̀, aláṣọ pupa, a máa tẹjú mọ́ iná láti rí ọjọ́ iwájú. Bí wọ́n bá sì ń wá ohun ńlá lọ́wọ́ rẹ̀, wọn a sun ènìyàn láàyè.

Ọkùnrin kan wà tó ń jẹ́ Stannis, tó fẹ́ jọba. Àlùfáà obìnrin kan, Melisandre, sọ fún un pé òun ni àyànfẹ́ òrìṣà náà. Ère àwọn òrìṣà àtijọ́ ni wọ́n kọ́kọ́ sun. Lẹ́yìn náà, ó kan àwọn ènìyàn tó kọ̀ láti gbà. Nínú apá tó jáde ní 2015, òjò yìnyín dí ọ̀nà mọ́ àwọn ọmọ ogun rẹ̀, ebi sì ń pa wọ́n. Melisandre ní ọ̀nà kan ṣoṣo ló kù. Stannis fa Shireen, ọmọbìnrin rẹ̀ kan ṣoṣo, kalẹ̀, wọ́n sì dáná sun ún. Ọmọ náà ń ké pe bàbá rẹ̀ àti ìyá rẹ̀.

Ìbéèrè mi nìyí: bí òrìṣà bá dáhùn, ṣé ìdáhùn yẹn nìkan tó kí a fi sìn ín? Nítorí pé nínú ìtàn yẹn, yìnyín yọ́ lọ́jọ́ kejì lóòótọ́. Lẹ́yìn náà, Melisandre tún gbàdúrà, òkú jí. A kò lè sọ pé òrìṣà yẹn kò lágbára.

Àwa náà fẹ́ràn ìtàn Elijah lórí òkè Karmeli, ó sì yẹ kí a fẹ́ràn rẹ̀. Ṣùgbọ́n Ìfihàn 13 sọ fún wa pé ẹranko búburú náà yóò mú kí iná sọ̀ kalẹ̀ lójú gbogbo ènìyàn. Nínú Lúùkù 9, Jákọ́bù àti Jòhánù fẹ́ pe iná sórí abúlé kan. Jésù bá wọn wí. Iná nìkan kò tó ẹ̀rí.

Ẹnìkan lè bi mí pé, “Ọlọ́run tiwa ńkọ́? Ṣebí Ó ní kí Abrahamu mú Isaaki wá?” Ìbéèrè yẹn wúwo, n kò sì ní díbọ́n pé ó rọrùn. Ohun tí mo rí ni pé Ọlọ́run dá ọwọ́ Abrahamu dúró, Ó sì pèsè àgbò. Nínú Jeremiah 7, Ó ní fífi ọmọ sun nínú iná kò wá sí ọkàn Òun rí. Nígbà tí ẹbọ sì di dandan, Òun fúnra Rẹ̀ ló wá, Òun ló kú. Ibi tí ọ̀nà ti yà nìyẹn. R'hllor ń gba ọmọ ọlọ́mọ. Olúwa wa fi ara Rẹ̀ lélẹ̀.

Mo lè parí ọ̀rọ̀ mi síbí, kí gbogbo wa sì ṣe àmín. Ṣùgbọ́n mo ní ẹjọ́ láti rò.

Ní ọdún kẹta mi ní yunifásítì, èmi ni olórí ẹgbẹ́ aládùúrà. A ń múra ọ̀sẹ̀ ìsọjí, mo sì kéde ààwẹ̀ gbígbẹ ọjọ́ mẹ́ta. Arábìnrin kan tó ṣẹ̀ṣẹ̀ wọlé wá bá mi. Ó ní, “Ẹ jọ̀ọ́, bọ̀dá, mo ní ọgbẹ́ inú. Dókítà ní kí n má fi ebi pa ara mi.” Mo ní ìgbàgbọ́ rẹ̀ ló kéré. Ó dákẹ́, ó sì gbà á. Ní ọjọ́ kejì, ó ṣubú láàárín àdúrà, a sáré gbé e lọ sí ilé ìwòsàn.

Ìsọjí náà kún. Àwọn ènìyàn fi ayé wọn fún Jésù, wọ́n sì ń kí mi kú iṣẹ́. Yìnyín yọ́. Ṣùgbọ́n arábìnrin náà kò wá sí ìdàpọ̀ mọ́. Oṣù méjì kọjá kí n tó lọ tọrọ àforíjì lọ́wọ́ rẹ̀. Ó dárí jì mí tọkàntọkàn. Síbẹ̀, kò padà wá.

Mo ti bú Stannis nígbà tí mo wo eré yẹn. N kò mọ̀ pé àbúrò rẹ̀ ni mí. Ààwẹ̀ náà kò ná mi ju ebi lọ. Arábìnrin yẹn ló san owó rẹ̀. Àwọn àgbà ní ọmọ ọlọ́mọ là ń rán níṣẹ́ dé tòru-tòru. Òótọ́ ni wọ́n sọ. Nínú Róòmù 12, ara tiwa ni Pọ́ọ̀lù ní kí a fi rúbọ, kò sì dárúkọ ara ẹlòmíràn.

Davos wà nínú ìtàn náà, ẹni tí Shireen kọ́ ní ìwé kíkà. Nígbà tó gbọ́ ohun tí wọ́n ṣe sí ọmọ náà, kò bá Melisandre jiyàn lórí agbára òrìṣà rẹ̀. Ó ní òrìṣà tó bá ní kí a sun ọmọdé, ẹni ibi ni.

Nítorí náà, ẹ̀yin tí ẹ ń darí, àti ẹ̀yin tí ẹ ti jáde tí ẹ ń darí níbòmíràn, kí a tó kéde iná mìíràn, ẹ jẹ́ kí a wo ẹni tó fẹ́ jó níbẹ̀. Bí kì í bá ṣe àwa, ẹ jẹ́ kí a dá ọwọ́ dúró.

Àlàáfíà Olúwa kí ó wà pẹ̀lú yín.