ỌMỌWÁLÉ: ORÚKỌ TÍ ÀWỌN AKẸ́KỌ̀Ọ́ MÙSÙLÙMÍ SỌ ÀLEJÒ

Ní orúkọ Ọlọ́hun, Àjọkẹ́ ayé, Àṣàkẹ́ ọ̀run. Ọpẹ́ ni fún Ọba tí ó dá ènìyàn ní dúdú, tí ó dá a ní pupa, tí ó sì dá a ní funfun láì bi ẹnikẹ́ni léèrè. Kí ìkẹ́ àti ọlà Rẹ̀ máa bá Ànábì wa Muhammad (S.A.W.), àwọn ará ilé rẹ̀ àti àwọn sàábé rẹ̀.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ Mùsùlùmí lọ́kùnrin àti lóbìnrin, ní oṣù yìí, ìrìnàjò ọkùnrin kan ni a fẹ́ yẹ̀ wò. Ará Amẹ́ríkà ni. Ní 1964 ó kúrò ní New York, ó lọ ṣe Hájì ní Mọ́kà, ẹsẹ̀ rẹ̀ sì kan ilẹ̀ Ìbàdàn kí ó tó padà sílé. Ẹni náà ni Malcolm X. Ọ̀pọ̀ nínú yín ló mọ orúkọ yìí, àwọn mìíràn tilẹ̀ ní àwòrán rẹ̀ lára ẹ̀wù. Ẹ̀wù dára, ṣùgbọ́n a fẹ́ kí ẹ mọ ohun tí ẹni tí ó wà lára ẹ̀wù náà ń wá kiri. Ibi tí yóò pè ní ilé ni ó ń wá.

Wọ́n bí i ní ìlú Omaha ní ọjọ́ 19 oṣù karùn-ún 1925, orúkọ rẹ̀ sì ni Malcolm Little. Little yìí kì í ṣe orúkọ tí ìdílé rẹ̀ gbé ti Áfíríkà wá. Irú orúkọ tí àwọn olówó ẹrú fi ń pe àwọn tí wọ́n rà ni, tí ó wá di ti ọmọ àti ti ọmọ-ọmọ. Nígbà tí ó wà ní ọmọ ọdún 4, ilé wọn jóná lóru, ó sì dá a lójú pé àwọn aláwọ̀ funfun ló tiná bọ̀ ọ́. Ní 1931, ọkọ̀ ojú irin tí ń rìn nígboro tẹ bàbá rẹ̀ pa. Ọmọ náà dàgbà, ó ya ìpáǹle, ó jalè, ó sì wà lẹ́wọ̀n láti 1946 sí 1952. Inú ẹ̀wọ̀n ni ọ̀rọ̀ ìjọ Nation of Islam, tí Elijah Muhammad ń darí, ti dé etí rẹ̀. Ìjọ yìí ló mú kí ó ju Little nù, tí ó fi X dípò rẹ̀. Ẹ̀yin tí ẹ ṣe ìṣirò níléèwé mọ̀ pé X ni a ń kọ sí ipò ohun tí a kò tíì mọ iye rẹ̀. Orúkọ tí àwọn baba ńlá rẹ̀ ń jẹ́ kí wọ́n tó kó wọn sínú ọkọ̀ ojú omi, kò sí ẹni tí ó lè sọ ọ́ fún un. Ní ilẹ̀ wa níbí, ọjọ́ kẹjọ kì í kọjá lórí ọmọ láìlórúkọ. Ọkùnrin yìí ti ń lọ sí ẹni 40 ọdún, àmì ìṣirò ni ó ń jẹ́.

Ìjọ náà kọ́ ọ pé ṣàtánì ni gbogbo aláwọ̀ funfun láti ìṣẹ̀dá wọn. A mọ̀ pé èyí kò sí nínú Ìsìláàmù. Ṣùgbọ́n ẹni tí ilé rẹ̀ jóná lọ́mọdé, bí ènìyàn kan bá wá sọ fún un pé ṣàtánì ni àwọn tó tiná bọ̀ ọ́, kò ní pẹ́ kí ó tó gbà.

Ní oṣù kẹta 1964 ó kúrò nínú ìjọ náà. Ní ọjọ́ 13 oṣù kẹrin ó wọ ọkọ̀ òfurufú, ó gba Káírò kọjá sí Jeddah. Ibẹ̀ ni wọ́n ti dá a dúró. Pásípọ́ọ̀tù Amẹ́ríkà ni ó gbé lọ́wọ́, kò gbọ́ Lárúbáwá, àwọn aláṣẹ sì ní kí ìgbìmọ̀ tí ń yẹ ọ̀rọ̀ àwọn àlejò Hájì wò kọ́kọ́ mọ̀ bóyá Mùsùlùmí ni lóòótọ́. Wọ́n fi í sí ilé tí àwọn arìnrìnàjò ń sùn sí lẹ́bàá pápákọ̀ òfurufú. Níbẹ̀ ni ọkùnrin tí ó ti fi ohun tí ó ju ọdún 10 lọ wàásù lórúkọ Ìsìláàmù ti rí i pé òun kò mọ irun kí. Kò mọ ohun tí wọ́n ń ké, ẹsẹ̀ rẹ̀ kò sì ká bí ti àwọn tí ó ti ń jókòó lórí ẹní láti kékeré. Ẹ̀yin tí ẹ ti mọ Fàtíhà láti ilé kéú, ẹ fojú inú wò ó: àgbàlagbà tí ayé ń gbọ́ orúkọ rẹ̀, tí wọ́n ń kọ́ ní bí a ti ń jókòó sí àtáyà bí ọmọdé. Kò bínú. Ó kọ́ ọ.

Nígbà tí ó yá, ó rántí pé òun ní nọ́ńbà tẹlifóònù ọkùnrin kan nílùú náà, Omar Azzam. Omar wá, ó sì gbà á sílẹ̀. Bàbá Omar, Abd al-Rahman Azzam, tí ó ti fìgbà kan rí jẹ́ akọ̀wé àgbà Ẹgbẹ́ Àwọn Orílẹ̀-èdè Lárúbáwá, fi yàrá rẹ̀ ní òtẹ́ẹ̀lì sílẹ̀ fún àlejò náà. Èyí ni ohun tí ó kọ́kọ́ mì Malcolm. Bí àwọn Azzam yìí bá wà ní Amẹ́ríkà, aláwọ̀ funfun ni wọn yóò kà wọ́n sí. Kí ni wọ́n ń wá lọ́wọ́ rẹ̀? Kò rí nǹkan kan tí wọ́n ń wá.

Ó ṣe Hájì rẹ̀. Nínú lẹ́tà tí ó kọ ránṣẹ́ sí Amẹ́ríkà, ó sọ bí òun àti àwọn tí awọ ara wọn funfun, tí ẹyinjú wọn jẹ́ búlúù, ṣe jọ jẹun nínú àwo kan náà, tí wọ́n jọ sùn, tí wọ́n sì jọ kírun sí Ọlọ́hun kan náà. Ó ní ohun tí òun rí mú kí òun tún èrò òun tò. Láti ìgbà náà ni ó ti ń sọ pé ìwà tí ènìyàn ń hù sí ọmọnìkejì rẹ̀ ni òun yóò máa fi dá a lẹ́jọ́, kì í ṣe àwọ̀ rẹ̀.

Ibi tí ọ̀pọ̀ oníwàásù wa máa ń dákẹ́ sí nìyí, tí janmọ̀ọ́n yóò ké "Allahu Akbar", tí a ó sì lọ sílé. Àwa kò ní í dákẹ́ síbẹ̀, nítorí ọkùnrin náà fúnra rẹ̀ kò dákẹ́ síbẹ̀. Nínú ìwé ìtàn ayé rẹ̀ tí ó jáde ní 1965, ó sọ pé òun ṣàkíyèsí, láàárín ọ̀pọ̀ èrò náà, pé àwọn tí wọ́n jọra wọn ló ń dúró papọ̀: ará Áfíríkà pẹ̀lú ará Áfíríkà, ará Pakistan pẹ̀lú ará Pakistan. Kò sí ẹni tí ó lé wọn síbẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni kí a rántí pé oṣù kọkànlá 1962 ni ìjọba Sáúdí tó fòpin sí níní ẹrú. Nígbà tí Malcolm ń yí Ká'bà po, kò tíì pé ọdún kan àti ààbọ̀. Àlejò ìjọba sì ni wọ́n fi í ṣe. Yàrá àlejò ni wọ́n kọ́kọ́ ń gbá nínú ilé. A kò sọ èyí láti tàbùkù ilẹ̀ mímọ́. A sọ ọ́ kí ẹni tí ó bá lọ sí Mọ́kà lọ́la, tí ẹnìkan sì tì í sẹ́yìn nítorí pé ó dúdú, má baà rò pé Ìsìláàmù ni ó tì í.

Òfin Ọlọ́hun lórí ọ̀rọ̀ yìí kò fara sin. Nínú Suratul-Hujurat, ẹsẹ 13, Ó jẹ́ kí a mọ̀ pé láti ara ọkùnrin kan àti obìnrin kan ni Òun ti dá wa, pé kí a lè mọ ara wa ni Òun ṣe ṣe wá ní orílẹ̀-èdè àti ẹ̀yà, àti pé ẹni tí ó bẹ̀rù Òun jùlọ ló lọ́lá jùlọ. Síbẹ̀, Abu Dharr, sàábé ńlá, fi ìyá ẹnìkan bú u. Ànábì (S.A.W.) kò gbójú fò ó, ó sọ fún un pé ìwà ìgbà àìmọ̀kan ṣì kù nínú rẹ̀. Bí ó bá kù nínú Abu Dharr, ẹ jẹ́ ká rọra kí a tó sọ pé kò sí nínú tiwa.

Láti Mọ́kà, Malcolm gba Lẹ́bánónì àti Íjíbítì kọjá, ó sì dé Nàìjíríà ní ìbẹ̀rẹ̀ oṣù karùn-ún. Ó bá àwọn akẹ́kọ̀ọ́ sọ̀rọ̀ ní Trenchard Hall ní Yunifásítì Ìbàdàn, ó ń rọ àwọn orílẹ̀-èdè Áfíríkà pé kí wọ́n ran àwọn lọ́wọ́ láti gbé ẹjọ́ àwọn aláwọ̀ dúdú Amẹ́ríkà lọ sí Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé. Ẹ kíyè sí i: Hájì kò mú kí ó gbàgbé ìyà tí wọ́n fi ń jẹ àwọn ènìyàn rẹ̀ nílé. Lẹ́yìn náà ni ẹgbẹ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Mùsùlùmí, Muslim Students' Society, tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1954, ṣe é lálejò, tí wọ́n sì sọ ọ́ ní Ọmọwálé. Òun fúnra rẹ̀ kọ ọ́ pé nínú gbogbo ọlá tí wọ́n ti dá òun rí, kò sí èyí tí òun kà sí ju orúkọ yìí lọ. Ẹni tí ó ti ń jẹ́ X wá ní orúkọ. Ọ̀dọ́ bíi tiyín ló sọ ọ́.

Ilé là ń wò kí a tó sọmọ lórúkọ. Ilé wo ni àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wọ̀nyẹn wò? Ìyá rẹ̀, ará erékùṣù Grenada ni. Bàbá rẹ̀, ará ìpínlẹ̀ Georgia. Ó lè jẹ́ pé kò sí ọmọ Yorùbá kankan nínú ìran rẹ̀. Orúkọ Yorùbá ni wọ́n sì fún un, láì bi í bóyá ọmọ Ìjẹ̀bú ni tàbí ọmọ Ọ̀yọ́.

Ẹ wá wò wá lónìí. Arákùnrin Haúsá tí ń sun súyà ní ìkóríta wa ń bá wa kírun Jímọ̀ ní sáfù kan náà. Bí a bá ti sálámà tán, a di "mọ́là" fún un, ẹni tí kò lórúkọ, bí X gan-an. Bí ó bá ní òun fẹ́ fẹ́ àbúrò wa ńkọ́? Ilé yóò dàrú, àwọn tí yóò sì kọ́kọ́ pariwo lè jẹ́ àwọn tí ó mọ Suratul-Hujurat sórí. Àwọn ará òkè ọya kan náà wà tí wọ́n gbà pé Ìsìláàmù Yorùbá kò pé, tí wọn kò ní í tẹ̀lé ọmọ Yorùbá kírun tọkàntọkàn. Ẹ̀gbin kan náà ni, ọwọ́ tó dà á ló yàtọ̀. Ẹ̀yin ọmọbìnrin wa, ìpara abóra tí ó wà lórí tábìlì yín, ta ni ó sọ fún yín pé àwọ̀ tí Ọlọ́hun fi ṣẹ̀dá yín kò tó? Bí ó bá jẹ́ àwa ọkùnrin tí ń pariwo apọ́nbéporé ni, a jẹ́ pé àwa ni ọ̀rọ̀ náà kàn jù. Bílálì dúdú, òun ni Ànábì sì yàn pé kí ó máa pe ìrun.

Ní Jímọ̀ tí ń bọ̀, ẹ wo ẹni tí èjìká rẹ̀ kan tiyín. Ẹ bi í ní orúkọ tí bàbá rẹ̀ sọ ọ́, ẹ sì fi pè é.

Ọmọwálé kò pẹ́ láyé lẹ́yìn náà. Ní ọjọ́ 21 oṣù kejì 1965, wọ́n yìnbọn pa á ní New York níwájú ìyàwó rẹ̀ àti àwọn ọmọ wọn. Ọmọ ọdún 39 ni. Ààfáà ọmọ ilẹ̀ Sudan kan, Sheikh Ahmed Hassoun, tí ó ti Mọ́kà wá láti máa kọ́ àwọn ènìyàn rẹ̀ ní ẹ̀sìn, ni ó wẹ òkú rẹ̀, tí ó sì fi aṣọ funfun dì í. Orúkọ tí ó gbà lẹ́yìn Hájì, El-Hajj Malik El-Shabazz, ni wọ́n kọ sí ojú oórì rẹ̀. Kí Ọlọ́hun forí jì í, kí Ó sì fi àlùjánnà kẹ́ ẹ. Àámín.